Ẹ̀rọ Kọ́ Ló Jẹ Mí Ní Ẹ̀bẹ̀

Ọdún tí òkun kọ́kọ́ gun odi ìlú wa ni Ògúnṣakin oníbodè ti ibodè omi mọ́ ẹ̀gbọ́n mi Dùrójayé síta. Àwọn kan ní ó yẹ kí n ti gbàgbé. Ẹni tó ṣu ló ń gbàgbé, ẹni tó kó o kì í gbàgbé.

Bí a ṣe ń ṣe é ní Ìdí-Odi nìyí. Ẹni tó bá fẹ́ jáde lọ yẹ ìgèrè rẹ̀ wò lójú ọ̀sà yóò ya ìrépé aṣọ kan, yóò so ó mọ́ irin ibodè. Bó bá padà wọlé, yóò tú u. Nígbà tí omi bá ń ru bọ̀, oníbodè yóò gun orí odi, yóò wo àwọn aṣọ tó kù lára irin, yóò sì máa pe àwọn tó ni wọ́n lórúkọ. Ẹni tó bá dáhùn, wọn yóò dúró dè é. Ẹni tí wọ́n bá pè títí tí kò dáhùn, a gbà pé omi ti mú un, wọn yóò sì ti ibodè kí omi má bàa mú àwa yòókù.

Lọ́jọ́ náà kùrukùru bo ọ̀sà mọ́lẹ̀. Aṣọ ẹ̀gbọ́n mi wà lára irin. Ògúnṣakin ti ibodè. Nígbà tí ilẹ̀ mọ́, a bá òkú Dùrójayé lẹ́yìn ibodè gan-an, ọkọ̀ rẹ̀ tó fọ́ há mọ́ irin, èékánná rẹ̀ sì ti ya.

Ògúnṣakin ní òun pè é títí ọ̀fun òun fi gbẹ, kò dáhùn. Ó ní ó jọ pé ẹ̀yìn ìgbà tí òun ti ibodè tán ló tó débẹ̀. Ìlú gbà á gbọ́. Wọ́n ní ẹ̀gbọ́n mi wà nínú àwọn tó gbà pé bí èèyàn kò bá rí ẹni tó ń pe òun, kó má dáhùn, kó má lọ jẹ́ ipè iwin. Wọ́n ní ìbẹ̀rù iwin ló pa á. Láti ọjọ́ náà, bí ìyá kan bá pe ọmọ rẹ̀ tí ọmọ ń ṣe bí ẹni tí kò gbọ́, ohun tí yóò sọ ni pé, "Ṣé ikú Dùrójayé ni ìwọ náà fẹ́ kú?" Àwọn ọmọ tí wọn kò tíì bí nígbà náà ń fi orúkọ rẹ̀ bú ara wọn.

Mo mọ ẹ̀gbọ́n mi. Ẹnu rẹ̀ kì í sinmi. Bí o bá pè é, ó ti dáhùn kí o tó pe orúkọ náà tán. N kò bá Ògúnṣakin sọ̀rọ̀ mọ́ láti ọjọ́ náà. Mo fẹ́yàwó, n kò pè é. Ìyàwó mi kú, Ògúnṣakin rán ẹja gbígbẹ sí mi, mo dà á fún ajá. Ajá náà jẹ ẹ́. Mo bínú sí ajá.

Ní báyìí mo ti darúgbó, odi sì ti darúgbó jù mí lọ. Omi ti ń yọ́ gba abẹ́ rẹ̀ wọlé. Èlùbọ́ koríko òkun tí à ń jẹ ti ń ní ìyọ̀ nínú jù. Ìjọba ti ní àwọn kò ní tún odi náà ṣe mọ́, pé kí gbogbo wa máa gòkè lọ sí ìlú tí wọ́n ń pè ní Òkè, wọ́n sì ti ń fi ọkọ̀ ńláńlá kó àwọn ará ìlú lọ. Adúgbò wa ló kù. Wọ́n ti dá ọjọ́ tí ọkọ̀ tó kẹ́yìn máa gbéra ní ọ̀sán.

Láàárọ̀ ọjọ́ tó ku ọ̀la kí ọkọ̀ náà gbéra, mo gbọ́ ohùn Ògúnṣakin nínú àgbàlá mi.

"Erínfọlámí, o jí ire bí?"

N kò wojú rẹ̀. Kì í kúkú ṣe òun. Arọ́pò rẹ̀ ni, ẹ̀rọ ẹlẹ́sẹ̀ mẹ́rin tó ga tó èjìká mi, tí wọ́n fi ohùn rẹ̀ sí lẹ́nu, tí wọ́n sì wé aṣọ rẹ̀ kan mọ́ lọ́rùn kí n lè mọ ẹni tó rán an. Òfin ní kí ẹni tó ṣẹ̀ rán irú rẹ̀ lọ sin ẹni tó ṣẹ̀, kó sì máa bẹ̀ ẹ́ dípò òun. Ó mú ìgbálẹ̀ lọ́wọ́. Ó ti gbá àgbàlá tán, ó ti pọn omi, ó ti wá ń ṣa òkúta kúrò nínú ẹ̀wà.

Ọmọ mi Abọ́sẹ̀dé jáde síta, ó fi ọwọ́ ti ẹ̀yìn. Oyún rẹ̀ ti wọ oṣù tí obìnrin kì í jókòó tán kó tó fẹ́ dìde.

"Bàbá, ó kí yín."

"Ta ló kí mi?"

"Arọ́pò."

"Páìpù omi náà máa ń dún láràárọ̀. Ṣé o máa ń bá a kí 'ẹ káàárọ̀'?"

Ó rẹ́rìn-ín díẹ̀, àmọ́ ó gbé ẹ̀rín náà mì kíá. "Ẹ má dá mi lẹ́rìn-ín. Inú ń bí mi sí yín. Òrùlé tún jò lóru àná."

Ó mọ ìdí tó fi jò. Ọjọ́ tí arọ́pò kọ́kọ́ dé, ó tún òrùlé wa kàn. Nígbà tó lọ dúró sínú oòrùn kí sóólà ẹ̀yìn rẹ̀ lè gba agbára, mo gun àkàsọ̀, mo yọ gbogbo ìṣó tó kàn. Ó tún un kàn. Mo tún un yọ. Àwọ̀n tó bá mi dì, mo tú u. Ewédú tó gbìn sínú garawa, mo fà á tu. Arọ́pò kì í bínú. Bó bá ń bínú ni, bóyá ǹ bá ti bá a sọ̀rọ̀.

"Bó bá fẹ́ bẹ̀ mí," mo ní, "kó fi ẹsẹ̀ ara rẹ̀ rìn wá. Ìsàlẹ̀ odi níbẹ̀ yẹn ló ń gbé. Kò jìnnà."

"Kí wọ́n lè gbé ẹ̀yin méjèèjì tì mọ́lé? Ẹ mọ̀ pé ẹni tó ṣẹ̀ àti ẹni tí wọ́n ṣẹ̀ ò gbọdọ̀ fojú kojú. Àwọn èèyàn ṣáà ti fi àdá ṣá ara wọn tó nígbà tí wọ́n ń fojú kojú."

"Èmi ò ní àdá."

"Ẹ ní ẹnu. Ẹnu yín mú ju àdá lọ."

Arọ́pò yí orí sí wa. Ó ní, "Erínfọlámí, mo tọrọ àforíjì fún gbogbo ìrora tí mo fà fún ìwọ àti ilé rẹ."

Ọ̀rọ̀ yìí kan náà ló máa ń sọ láràárọ̀. Mi ò dá a lóhùn rí. Àmọ́ lọ́jọ́ náà, bóyá torí pé ọ̀la ni ọkọ̀ ń lọ, mo lọ dúró níwájú rẹ̀.

"Ìrora wo?"

"Gbogbo rẹ̀."

"Mo ní èwo?"

"Ikú Dùrójayé, ẹ̀gbọ́n rẹ, ọ̀rẹ́ mi."

"Ta ló pa á?"

"Omi."

"Ta ló ti ibodè?"

"Èmi ni mo ti ibodè. Mo pè é, kò dáhùn. Ó dùn mí. Mo tọrọ àforíjì."

"Gbọ́ o, Abọ́sẹ̀," mo ní. "Ó ń tọrọ àforíjì lọ́wọ́ mi nítorí pé ẹ̀gbọ́n mi ò dáhùn."

"Bàbá, ohun tí wọ́n bá fi sí i lẹ́nu náà ló lè sọ."

"Mo mọ̀. Ìdí nìyẹn tí kì í fi í ṣe ẹ̀rọ ni mò ń bá jà."

Kò pẹ́ sí i ni olùlàjà tí ìjọba rán sí adúgbò wa dé. Àràmídé lorúkọ rẹ̀, obìnrin kúkúrú kan tí kì í jókòó. Wọ́n kọ ọ́ sí ẹ̀yìn aṣọ òjò rẹ̀ pé A KÌ Í GBÉ ÌJÀ GÒKÈ. Ó yẹ ẹsẹ̀ Abọ́sẹ̀dé wò, ó tẹ̀ ẹ́, ibi tó tẹ̀ wọnú kò sì tètè rú padà. Ó mi orí.

"Bàbá," ó ní, "mi ò wá bá yín jiyàn lónìí. Gbogbo adúgbò yìí ló ti parí ọ̀rọ̀ wọn. Ìyàwó ti dárí ji orogún, alábàágbé ti dárí ji alábàágbé. Ọ̀rọ̀ yín nìkan ló wà nílẹ̀. Bí ẹ ò bá tẹ ọwọ́ mọ́ àwo àyà arọ́pò yẹn kí ẹ sọ pé ẹ gbà, ilé yín ò lè wọ ọkọ̀. Ilé tirẹ̀ náà ò lè wọ̀ ọ́."

"Ilé tirẹ̀? Òun nìkan kọ́ ló ń gbé ni?"

"Òun nìkan ni. Òun náà ò lè lọ."

Mi ò purọ́: ọ̀rọ̀ náà dùn mọ́ mi.

"Ọmọbìnrin yìí ńkọ́?" mo ní. "Kò mọ Dùrójayé rí. Ẹ jẹ́ kó lọ."

Àràmídé wo Abọ́sẹ̀dé. Abọ́sẹ̀dé wo ilẹ̀.

"Mo ti fún un ní ọ̀nà," Àràmídé ní. "Bó bá tẹ ọwọ́ mọ́ ọn, tó sì sọ pé òun ò ní bàbá, a ó kà á sí ilé ọ̀tọ̀. Ó kọ̀."

Ẹnikẹ́ni kò sọ èyí fún mi tẹ́lẹ̀. Mo wojú ọmọ mi.

"Ẹnu mi ò lè sọ ọ́ ni," ó ní. "Mo gbìyànjú ẹ̀. Mo dúró níwájú àwo yẹn, mo ya ẹnu, èébì ló jáde."

Mo jókòó sórí àpótí. Nígbà tí mo sọ̀rọ̀, Àràmídé ni mo dojú kọ, torí òun ló rọrùn láti bá jà.

"Nígbà ayé àwọn bàbá wa," mo ní, "bí mo bá pa ewúrẹ́ rẹ, màá fa ewúrẹ́ mìíràn wá, màá dọ̀bálẹ̀, màá ní 'Èmi ni mo pa ewúrẹ́ rẹ.' Ewúrẹ́ àti ẹnu, wọ́n jọ ń lọ ni. Ẹ̀yin ti wá gé e sí méjì. Ẹ fa ewúrẹ́ wá, ẹ fi ẹnu sílẹ̀ nílé."

"Ó ti ṣe ìtánràn, Bàbá. Arọ́pò ti sin yín bí òfin ṣe ní kó sìn yín."

"Ẹ̀rọ ló sìn mí. Ta ni eegun rẹ̀ ro?"

"Ìyà rẹ̀ lẹ ń fẹ́."

"Rárá. Ìyà rẹ̀ ò ní jí Dùrójayé."

"Kí wá lẹ ń fẹ́?"

"Kó sọ ohun tó ṣe. Mi ò lè dárí ji ohun tí ẹni tó ṣe é kò tíì sọ. Ta ni mo fẹ́ dárí jì? Kùrukùru?"

"Bó bá sọ ọ́ tán ńkọ́? Ṣé ẹ máa dárí jì í?"

"Mi ò mọ̀. Mi ò tíì débẹ̀ rí."

Ó gbé ọwọ́ sí ìbàdí. Ohùn rẹ̀ wálẹ̀. "Bó bá jẹ́ pé òótọ́ ló ń sọ ńkọ́? Bó bá pè é lóòótọ́, tí ẹ̀gbọ́n yín ò dáhùn lóòótọ́?"

Ìbéèrè yìí ni mo ti ń sá fún láti ìgbà èwe mi. Mo ní, "A jẹ́ pé èmi ni mo ti ń ṣẹ̀ ẹ́ láti ọjọ́ yìí wá. Kó wá sọ ọ́ sójú mi, màá wo ojú rẹ̀, màá mọ̀. Nígbà náà èmi ni màá bẹ̀ ẹ́."

"Òfin ò fàyè gbà á."

"Tí mo bá tẹ ọwọ́ yẹn, kí ló ń ṣẹlẹ̀ sí ohun tí arọ́pò sọ?"

Obìnrin náà kò fẹ́ dáhùn. Mo rí i lójú rẹ̀. "Ó di òtítọ́ ọ̀rọ̀ náà. A ó kà á sétí àwọn ará Òkè lọ́jọ́ tí ẹ bá wọlé, kí ẹnikẹ́ni má bàa máa sọ tirẹ̀ lábẹ́lẹ̀. Lẹ́yìn náà, a ó dè é. Ẹnikẹ́ni ò gbọdọ̀ tú u mọ́, àti ẹ̀yin, àti òun, àti àwọn ọmọ yín."

"Pé ẹ̀gbọ́n mi ò dáhùn."

"Pé ó pè é, pé kò dáhùn."

Lẹ́yìn tó lọ, arọ́pò ń bá ẹ̀wà rẹ̀ lọ. Abọ́sẹ̀dé wá jókòó sílẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ àpótí mi, ó na ẹsẹ̀ rẹ̀ tó wú síwájú bí ẹni tó ń sá nǹkan sóòrùn. Ọkọ rẹ̀ ti ṣáájú lọ sí Òkè, ó ti ń kọ́lé dè é.

"Bàbá, mo fẹ́ bi yín ní nǹkan. Ẹ má bínú."

"Tí inú á bá bí mi, ó máa bí mi náà ni."

"Bùọ̀dá yín ti kú. Èmi ò tíì kú. Èwo nínú àwa méjèèjì lẹ fẹ́ gbà là?"

Ẹni tó ti kú kò ní ẹlòmíràn tó ń sọ̀rọ̀ fún un, èmi nìkan ló ní. Bí mo bá pa ẹnu mọ́, ó parí fún un pátápátá. Gbogbo ìyá tó wà ní Òkè yóò máa fi ikú rẹ̀ dẹ́rù ba ọmọ, òfin yóò sì wà lẹ́yìn wọn. Ohun tí mo rò nìyẹn, àmọ́ mi ò lè sọ ọ́ fún obìnrin tí ẹsẹ̀ rẹ̀ rí báyẹn. Bí mo ṣe ń rò ó, ọmọ inú rẹ̀ tapá, mo rí i láti orí aṣọ.

"Bóyá ọkùnrin ni," ó ní. "Mo ti fẹ́ bi yín bóyá ká sọ ọ́ ní Dùrójayé."

"Má ṣe bẹ́ẹ̀. Wọ́n á fi ṣe yẹ̀yẹ́."

"Ṣé ẹ rí i? Ẹ̀yin fúnra yín ti gbà pé kò sí ohun tí ìjà yín tíì ṣe fún orúkọ náà."

Mo dìde, mo wọlé, mo dùbúlẹ̀ ní ọ̀sán gangan. Mi ò sùn.

Ní ọjọ́ kejì mo jí, mo wẹ̀, mo wọ agbádá tí mo fi sìnkú ìyàwó mi. Abọ́sẹ̀dé rí mi. Ó bẹ̀rẹ̀ sí di ẹrù. Àràmídé ti wà nínú àgbàlá. Mo lọ bá arọ́pò.

"Erínfọlámí, o jí ire bí?"

Mo gbé àtẹ́lẹwọ́ lé àwo tó wà láyà rẹ̀. Àwo náà lọ́wọ́ọ́rọ́ bí ara èèyàn. Èyí bí mi nínú ju gbogbo rẹ̀ lọ.

"Ògúnṣakin oníbodè pe Dùrójayé," arọ́pò ní. "Dùrójayé kò dáhùn. Ògúnṣakin ti ibodè. Ó dùn ún, ó sì ti ṣe ìtánràn. Ṣé o gbà?"

Kò béèrè bóyá mo gbà á gbọ́. Kò béèrè ọkàn rárá, ọwọ́ àti ẹnu ló ń fẹ́.

"Mo gbà," mo ní.

Ó ká ẹsẹ̀ rẹ̀ mẹ́rẹ̀ẹ̀rin, ó wolẹ̀, ó di àpótí lásán. Abọ́sẹ̀dé sunkún. Àràmídé ní, "Ẹ ṣé, Bàbá, Ọlọ́run á san án fún yín." Mo retí kí nǹkan kan ṣe mí. Nǹkan kan ò ṣe mí. Ó dà bí ìgbà tí èèyàn gbé ẹrù fún ìgbà pípẹ́, tó sọ̀ ọ́ kalẹ̀, tó wá rí i pé ọrùn òun kò nà mọ́.

A lọ sí èbúté. Àwọn èèyàn kún ibẹ̀, àmọ́ ariwo ò sí. Mò ń wá ojú Ògúnṣakin láàárín wọn. Mo fẹ́ rí bó ṣe máa wọ ọkọ̀ tí mo ṣílẹ̀kùn rẹ̀ fún un. Mo wo gbogbo arúgbó tó gun àtẹ̀gùn, mi ò rí i.

"Ẹ wọlé ká lọ, Bàbá," Abọ́sẹ̀dé ní.

"Máa lọ. Mò ń bọ̀."

Ó dúró. Ọmọ mi gbọ́n, kò sí irọ́ mi tí kò mọ̀. "Ẹ ò ní wọ ọkọ̀ yìí."

"Ní Òkè, wọ́n á kà á sí mi létí. Mo máa jókòó láàárín èrò, wọ́n á ní Dùrójayé ò dáhùn, màá sì ní láti mi orí. Mo ti ṣe tèmi láàárọ̀ yìí, Abọ́sẹ̀. Mi ò lè ṣe é lẹ́ẹ̀kejì."

"Omi ń bọ̀, Bàbá."

"Mo mọ omi. Omi náà mọ̀ mí."

Ó di agbádá mi mú. Ó pè mí ní alágídí, ó pè mí ní ìkà, ó ní ìyá òun ti sọ ọ́ fún òun kó tó kú pé bí mo ṣe máa ṣe é nìyí. Lẹ́yìn náà ó kúnlẹ̀ pẹ̀lú oyún yẹn nínú ẹrẹ̀. Mo gbé e dìde, mo súre fún un. Àràmídé ló fà á wọnú ọkọ̀. Fèrè dún. Mo dúró títí mi ò fi rí ìborí aláwọ̀ ewé rẹ̀ mọ́.

Mo gba ọ̀nà odi padà. Gbogbo ilẹ̀kùn ló ṣí sílẹ̀, adìẹ ń wọlé ń jáde nínú pálọ̀ àwọn ẹlòmíràn. Oòrùn ṣì wà lókè. Nígbà tí mo dé ibodè, mo rí ọkùnrin kan tó jókòó sórí odi, tó gbé ẹsẹ̀ sí ìhà òkun. Ó ti tín-ín-rín. Orí rẹ̀ ti pá. Ǹ bá má mọ̀ ọ́n, bí kì í bá ṣe pé mi ò ṣíwọ́ kíkórìíra rẹ̀.

"O ò bá wọn lọ," mo ní.

"Ìwọ náà ò lọ."

Ohùn rẹ̀ ti bàjẹ́. Ohùn arọ́pò dáa ju tirẹ̀ lọ.

"Wọ́n ní ká má fojú kojú," ó ní.

"Ta ló kù tó máa mú wa? Adìẹ?"

Ó fẹ́ rẹ́rìn-ín, ikọ́ ló jáde. Mo jókòó, kì í ṣe nítòsí rẹ̀. Omi ń lu ìdí odi.

"Mo ti gbà," mo ní. "O ti bọ́. Kí lo tún ń ṣe níbí?"

"Wọ́n wá sọ fún mi láàárọ̀ pé o gbà. Wọ́n ní kí n yọ̀. Mo di ẹrù mi. Mo dé ẹnu ọ̀nà, ẹsẹ̀ mi ò gbé mi." Ó yí ojú sí mi fún ìgbà àkọ́kọ́. "Kí lo gbà, Erínfọlámí?"

"Ohun tí ẹ̀rọ rẹ sọ."

"O gbà pé kò dáhùn?"

"Mo gbà á."

"Ìwọ? Ìwọ tí o da ẹja mi fún ajá?"

"Ọmọ mi lóyún. Kí lo fẹ́ kí n ṣe?"

Ó kọjú sí òkun padà. Lẹ́yìn náà ó ní, "Níwọ̀n ìgbà tí o bá ṣì ń kọ̀, mo mọ̀ pé ẹnìkan wà láyé yìí tó mọ̀ pé irọ́ ni mò ń pa. Mo kórìíra rẹ nítorí ẹ̀. Àmọ́ ó ń ràn mí lọ́wọ́. Ó dà bí ẹni pé ìwọ lò ń bá mi gbé òótọ́ náà. Láàárọ̀ yìí, o sọ ọ́ kalẹ̀. Ó wá ku èmi nìkan."

Mo fi ọwọ́ méjèèjì di òkúta tí mo jókòó lé mú. "Sọ̀rọ̀."

"Mi ò pe ẹnikẹ́ni lọ́jọ́ náà. Omi ń gùn, ẹ̀rù bà mí, mo kàn ń yí kẹ̀kẹ́ ibodè ni. Mo ti yí i kọjá ìdajì nígbà tí mo gbọ́ tí wọ́n pe orúkọ mi láti inú kùrukùru. Ìyá mi kọ́ mi pé kí n má dáhùn ohun tí mi ò rí. Mi ò dáhùn. Ó tún pè mí. Mo ní nínú ara mi pé iwin ni, iwin odò ni." Ó fi ẹ̀yìn ọwọ́ nu imú. "Ó wá ní, 'Orí Pẹ́pẹ́yẹ, èmi ni o. Orí Pẹ́pẹ́yẹ, dúró.'"

"Kí ni Orí Pẹ́pẹ́yẹ?"

"Orúkọ tó máa ń pè mí nígbà tí a wà lọ́mọdé. Àwa méjì nìkan la mọ̀ ọ́n. Iwin wo ló mọ orúkọ yẹn?"

Ó gbé ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì sókè, ó ń wò wọ́n.

"Bí mo bá fẹ́ ṣí i padà, mo ní láti dojú kọ omi, kí n yí gbogbo ohun tí mo ti yí. Ọwọ́ mi ti wà lórí irin. Mo parí rẹ̀. Ó dé ibodè, ó ń lù ú, ó ń pè mí. Mo di etí mi. Ó pẹ́ kó tó dákẹ́. Nígbà tí ilẹ̀ mọ́ tí wọ́n bi mí, mo ní mo pè é, kò dáhùn. Ó yà mí lẹ́nu bó ṣe rọrùn tó."

Kò bẹ̀ mí. Bó bá bẹ̀ mí lákòókò yẹn, bóyá ǹ bá ti tì í sínú òkun. Èmi náà ò rí ohun tí mo fẹ́ fún un. Gbogbo ọjọ́ ayé mi ni mo fi dúró de ọ̀rọ̀ yìí, ó wá dé lẹ́yìn tí mo ti fi ọwọ́ ara mi ti ilẹ̀kùn mọ́ ọn. Ọmọ mi ti lọ. Ní Òkè wọn yóò kà á lọ́la bí mo ṣe gbà á, kò sì sí ẹni tó lè tú u mọ́.

"Dìde," mo ní.

"Kí ló dé?"

"Dìde. Kọjú sí ìlú. Sọ ọ́ sókè."

"Ta ló máa gbọ́, Erínfọlámí? Kò sẹ́ni tó kù."

"Ìlú yìí ni wọ́n ti sọ ọ́ di òwe. Ibẹ̀ ni kí o ti sọ ọ́."

Ó pẹ́ kó tó dìde. Èmi ni mo di apá rẹ̀ mú kó má bàa ṣubú. Ó kọjú sí àwọn òrùlé, sí àwọn ilẹ̀kùn tó ṣí sílẹ̀, sí àwọn ọ̀nà tí omi ti ń wọ̀. Ó ya ẹnu.

"Èmi Ògúnṣakin oníbodè," ó ké, "mi ò pe Dùrójayé! Òun ló pè mí! Mo gbọ́ ọ, mo mọ̀ pé òun ni, mo sì ti ibodè mọ́ ọn síta!"